Wọ́n Fi Sàráà Mú Mi

Mọ́sà ló wà lórí itan mi nígbà tí ọkọ̀ náà dúró. Ọ̀sán Jímọ̀ ni, àwọn èèyàn ṣẹ̀ṣẹ̀ ń tú jáde láti mọ́ṣáláṣí, mo sì jókòó sí etí gọ́tà nítòsí ojú irin Agége kí apá mi lè sinmi díẹ̀. Aṣọ ilé ìwé wà lọ́rùn mi. Báàgì ìwé mi wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi, ọ̀pá mi sì wà lórí báàgì. Obìnrin kan tó pọn ọmọ sẹ́yìn ló gbé mọ́sà náà lé mi lórí itan nínú ọ̀rá, ó fi kọ́bọ̀ díẹ̀ tì í, ó bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, ó ní, "Ẹ bá mi ṣàdúà fún ọmọ yìí o. Ibà ò jẹ́ kó gbádùn."

Ó jù mí lọ dáadáa, síbẹ̀ ó ń bẹ̀rẹ̀ fún mi. Mo dáhùn pé, "Ọlọ́run á wò ó sàn." Ẹnu mi ti mọ́ ọn. Láti kékeré ni wọ́n ti ń ṣe bẹ́ẹ̀ sí mi. Bí ààfáà bá ní kí ẹnì kan ṣe sàráà fún arọ, onítọ̀hún kì í wá arọ jìnnà. Ibi tó bá ti rí ẹni tí ẹsẹ̀ rẹ̀ rọ, ó ti débẹ̀ nìyẹn. Kò ní bi ọ́ bóyá ò ń tọrọ. Kò ní wo aṣọ ọrùn rẹ.

Ọkọ̀ náà ga, wọ́n fi wáyà dí ẹ̀yìn rẹ̀ bí àgò adìyẹ. Àwọn ọkùnrin bẹ́ sílẹ̀ nínú rẹ̀, àwọn kan wọ kakí, àwọn kan wọ aṣọ ilé. Bàbá afọ́jú kan àti ìyàwó rẹ̀ máa ń jókòó lẹ́bàá ojú irin níbẹ̀. Wọ́n gbé ọkùnrin náà tapá tẹsẹ̀. Ìyàwó rẹ̀ di aṣọ rẹ̀ mú, ó ń pariwo, "Ẹ má yà wá o! Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má yà wá!" Wọ́n ti òun náà wọlé.

Ọ̀kan nínú wọn wá dúró níwájú mi. Ó wo aṣọ mi, ó wo ẹsẹ̀ mi, ó wo mọ́sà.

"Ìwọ, dìde, wọlé."

"Ọ̀gá, súdẹ́ńtì ni mí. Ilé ìwé ni mo ti ń bọ̀."

"Súdẹ́ńtì tó ń ṣagbe? Ṣé agbe ni wọ́n ń kọ́ yín níbẹ̀?"

Àwọn yòókù rẹ́rìn-ín. Bàbá kan tó ń lẹ táyà ní òdìkejì títì sáré wá, ọwọ́ rẹ̀ dúdú. "Ẹ jọ̀ọ́, ọ̀gá, ọmọ ilé ìwé ni lóòótọ́. Ojoojúmọ́ ló ń gba ibí kọjá. Mo mọ bàbá ẹ̀."

"Bàbá, ṣé ẹ̀yin náà fẹ́ wọlé ni?"

Bàbá náà padà sídìí táyà rẹ̀. N kò bínú sí i. Èmi náà ì bá padà.

Dírẹ́bà ọkọ̀ wọn ló gbà mí lọ́jọ́ yẹn. Ó yọ orí jáde, ó ní, "Ó ti kún! Ẹ jẹ́ ká lọ!" Ọkùnrin tó ní kí n wọlé fi ẹsẹ̀ ta ọ̀pá mi, ó ní, "Mo ti mọ ojú ẹ. Bí mo bá tún bá nǹkan oníbárà lára ẹ, kò sẹ́ni tó máa gbà ọ́." Obìnrin ọlọ́mọ ti sá lọ tipẹ́. Ìgbà tí ọkọ̀ náà lọ tán ni mo tó kó mọ́sà sínú báàgì, tí mo fa ọ̀pá mi mọ́ra. Gbogbo ayé mi, mo ti rò pé ẹni tó bá kórìíra mi nìkan ló lè ṣe mí ní jàǹbá. Ọjọ́ yẹn ló yé mi pé ẹni tó ń ṣe mí lóore lè fi oore náà gbé mi síbi tí n kò ní bọ̀ mọ́.

N kò ní dárúkọ ẹnikẹ́ni nínú ohun tí mò ń kọ yìí. Púpọ̀ nínú wọn ṣì wà láyé, àwọn ọmọ wọn sì wà níbi tí wọ́n ti lè bi mí léèrè. Àwọn ológun ti lọ, ṣùgbọ́n ìbẹ̀rù tí wọ́n kọ́ mi kò bá wọn lọ.

Rọmọlápá-rọmọlẹ́sẹ̀ ló mú ẹsẹ̀ mi kí n tó mọ̀rìn dáadáa. Ọ̀kan rọ pátápátá, èkejì ṣì lágbára díẹ̀. Bí mo bá fẹ́ rìn, màá fi ọwọ́ òsì ti orúnkún, màá fi ọwọ́ ọ̀tún gún ọ̀pá, màá sì ju ara mi síwájú. Ará Ògbómọ̀ṣọ́ ni àwọn òbí mi. Bàbá mi ń ṣiṣẹ́ ní ilé iṣẹ́ abọ́ tánganran kan ní Ìkejà, ìyá mi sì máa ń ra àpò ìyẹ̀fun tó ti ṣófo lọ́wọ́ àwọn oníbúrẹ́dì, á fọ̀ wọ́n, á sá wọn, á tún wọn tà fún àwọn tó ń fi rán ìbùsùn. Kẹ̀kẹ́ bàbá mi ni mo fi lọ ilé ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀. Nígbà tí mo yege láti wọ sẹ́kọ́ńdìrì, ọ̀gá ilé ìwé, ọkùnrin Èkìtì kan tí gẹ̀ẹ́sì rẹ̀ dán bíi bàtà rẹ̀, kọ́kọ́ bojú wò mí láti òkè délẹ̀, ó wá kọjú sí bàbá mi.

"Bàbá, ilé ìwé irú wọn wà. Ìjọba ti kọ́ ọ. Kí ló dé tí ẹ ò mú un lọ síbẹ̀?"

"Sà, ẹsẹ̀ ọmọ mi ló ń ṣe é. Orí ẹ̀ ò ṣe nǹkan kan."

Bàbá mi ti lọ wo ilé ìwé ọ̀hún. Ó jìnnà, èèyàn á sì máa sùn níbẹ̀ ni. Ó bá àwọn afọ́jú, odi, arọ àti àwọn tí ọpọlọ wọn kò pé nínú yàrá kan náà, wọ́n ń hun agbọ̀n. Ó béèrè ibi tí wọ́n ti ń kọ́ ìṣirò. Wọ́n ní olùkọ́ ìṣirò ti lọ, ìjọba kò tíì rán òmíràn wá. Ó béèrè ìgbà tí yóò wá. Wọ́n ní àwọn náà ń gbọ́ rédíò bíi tirẹ̀ ni. Ó wọkọ̀ padà wá sílé, ó sì sọ fún ìyá mi pé òun kò bí ọmọ láti wá hun agbọ̀n tí kò sẹ́ni tó máa rà á.

Ọ̀gá ilé ìwé gbà mí, ṣùgbọ́n ó ní bí mo bá ṣubú, kò kan ilé ìwé. Òkè pẹ́tẹ́ẹ̀sì ni kíláàsì wa wà. Màá fi ìdí gun àkàbà ní àárọ̀, màá fi ìdí sọ̀ ọ́ ní ọ̀sán. Síkẹ́ẹ̀tì mi máa ń já kí sáà tó tán, ìyá mi á sì fi aṣọ àpò ìyẹ̀fun lẹ̀ ẹ́ nínú. Àwọn ọmọ kíláàsì mi a máa kà á sókè bí mo bá ń gun àkàbà, wọn a ní lẹ́tà orúkọ ìyẹ̀fun ti hàn nídìí mi. Mo máa ń bá wọn rẹ́rìn-ín. Ẹni tó bá fẹ́ pẹ́ níbi tí wọn kò fẹ́ ẹ gbọ́dọ̀ mọ ẹ̀rín rín.

Ìgbà Sáápù ni, ètò ọrọ̀ ajé ìjọba tó sọ gbogbo nǹkan di ọ̀wọ́n. Ilé iṣẹ́ tánganran bàbá mi kò rí ohun èlò mọ́, wọ́n dá ìdajì òṣìṣẹ́ dúró, bàbá mi sì wà nínú wọn. Ìgbà yẹn náà ni àwọn ológun bẹ̀rẹ̀ sí í kéde lórí rédíò pé Èkó gbọ́dọ̀ mọ́. Wọ́n kó pàǹtí. Wọ́n kó àwọn tó ń kiri ọjà. Wọ́n kó wèrè. Ìgbà tí wọ́n kó ìyẹn tán, wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í kó àwa. Tásíkì fọ́ọ̀sì ni wọ́n ń pe àwọn tó ń fi ọkọ̀ oníwáyà kó wa. Arọ kan wà tó máa ń rán bàtà lẹ́nu ọ̀nà ilé iṣẹ́ bàbá mi. Wọ́n gbé e tòun ti òòlù àti okùn rẹ̀. Wọ́n bi í pé kí niṣẹ́ rẹ̀, ó ní bàtà lòun ń rán. Wọ́n ní níbo ni ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ wà, ó ní abẹ́ igi. Wọ́n ní ẹni tí kò ní ṣọ́ọ̀bù, oníbárà ni. Nígbà tó padà dé, kò rán bàtà mọ́. Òòlù rẹ̀ ti sọnù, ó sì ń tọrọ owó tó máa fi ra òmíràn.

Nítorí náà, nígbà tí mo sọ ohun tó ṣẹlẹ̀ lójú irin fún àwọn òbí mi, bàbá mi kò jẹ́ kí n sọ ọ́ tán.

"Láti òní lọ, o ò gbọ́dọ̀ gba nǹkan kan lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni níta. Ṣó o gbọ́?"

"Kó kọ sàráà?" ìyá mi ní. "Baálé mi, ẹ ronú o. Ẹni tó bá kọ sàráà, àdánù tí wọ́n fẹ́ fi lé lọ á wá bá a ni. Ṣé èyí tó wà lára ẹ̀ ò tó ni?"

"Àwọn tó ń gbé e lọ ńkọ́? Ṣé àdánù kọ́ nìyẹn?"

Ohun tí kò sẹ́ni tó sọ nínú wa ni pé láti ìgbà tí iṣẹ́ ti bọ́ lọ́wọ́ bàbá mi, a ti ń jẹ nínú sàráà yẹn. Ìyá mi kì í ní kí n gbà á wá. Ó kàn máa ń ṣí báàgì mi bí mo bá wọlé lọ́jọ́ Jímọ̀ ni, á kó mọ́sà jáde, á pín in fún àwọn àbúrò mi, kò sì ní wojú mi. Ó ṣí i lọ́jọ́ tí mò ń wí yìí náà. A jẹ ẹ́. Bàbá mi jẹ nínú rẹ̀.

Èmi fúnra mi ló wá ọgbọ́n. Mo ti kíyè sí i pé arọ tó bá jókòó lẹ́bàá títì ni wọ́n ń pè ní oníbárà, èyí tó bá dúró, wọ́n á rò pé ó ń wọkọ̀. Mi ò jókòó níta mọ́. Bí ó bá rẹ̀ mí, màá fi ẹ̀yìn ti òpó iná tàbí ògiri, màá na ọwọ́ bí ẹni tó ń dá ọkọ̀ dúró, kódà bí kò bá sí ọkọ̀ lójú ọ̀nà. Kọ̀ndọ́ á dúró níwájú mi, á ní, "Àǹtí, Ọgbà ni àbí Ìkejà?" Màá ní mò ń dúró de ẹnì kan. Ó máa ń bú mi. Mo fara mọ́ èébú yẹn, nítorí èrò ọkọ̀ ni wọ́n ń bú bẹ́ẹ̀. Apá mi wú. Abẹ́ apá tí ọ̀pá ń gún di egbò, ó gbẹ, ó tún di egbò. Mo sì ń kọ sàráà.

Kíkọ̀ ọ́ kò rọrùn. Àwọn kan á rò pé ó kéré lójú mi ni, wọ́n á fi kún un. Àwọn mìíràn á tutọ́. Ìyá àgbà kan ní, "Ọlọ́run fẹsẹ̀ jẹ ọ́ níyà, o tún ń gbéra ga." Mo ní, "Ẹ má bínú, mà." Mo mọ̀ pé kò dáa lójú wọn. Nínú ẹ̀sìn tí wọ́n fi tọ́ mi, èmi náà kò rò pé ó dáa.

Jímọ̀ mìíràn ni ọkùnrin kan dá mi dúró nítòsí ibi tí mo máa ń fẹ̀yìn tì. Dírẹ́bà ni, òun ló máa ń fi bọ́ọ̀sì gbé àwọn òṣìṣẹ́ lọ sí ilé iṣẹ́ kan ní Ìlúpéjú. Ó mú àkàrà lọ́wọ́ nínú bébà, pẹ̀lú owó bébà tó ká mọ́ ọn.

"Gbà. Ìyàwó mi wà nínú oyún. Ṣàdúà fún un."

"Màá ṣàdúà fún wọn, sà. Ṣùgbọ́n ẹ má bínú, mi ò lè gbà á."

"Kí ló ń jẹ́ bẹ́ẹ̀? Ààfáà ní arọ ni kí n fún."

"Ẹ jọ̀ọ́, sà. Àwọn tásíkì fọ́ọ̀sì ń mú wa tí a bá gbà á."

"Ọmọ yìí, oyún mẹ́ta ló ti bọ́ lára ẹ̀ o! Ṣé o fẹ́ kí èyí náà bọ́ ni?"

Àwọn èèyàn ti ń dúró wò wá. Ẹnì kan ní, "Gbà á jàre, kí ló ná ọ?" Òmíràn ní, "Arọ òde òní, náírà ńlá ni wọ́n ń fẹ́, wọn ò jẹ àkàrà." Wọ́n rẹ́rìn-ín. Ọkùnrin náà di ọwọ́ mi mú, ó fẹ́ fi tipátipá kó o sí mi lọ́wọ́. Mo fà á gbà. Ọ̀pá mi yẹ̀, mo ṣubú lulẹ̀. Ó sì ju àkàrà àti owó náà lé mi láyà níbi tí mo wà, ó ní, "Ó ti bọ́ lọ́wọ́ mi. Sàráà mi ti dé ọwọ́ arọ."

Èrò tó pọ̀ yẹn ló pe ọkọ̀ oníwáyà wá. Àwọn èèyàn tú ká. Èmi kò lè tú ká. Mo wà nílẹ̀, ìyẹn ni pé mo jókòó, àkàrà wà láyà mi, owó wà lórí síkẹ́ẹ̀tì mi. Oníkakí kan mú ọkùnrin dírẹ́bà náà lọ́rùn aṣọ. "Kí lo ń fún un?"

"Òun ló pè mí, ọ̀gá. Ó ń tọrọ ni."

Wọ́n fi í sílẹ̀. Wọ́n gbé mi.

Ibi tí wọ́n kó wa lọ jẹ́ ilé ìkẹ́rùsí kan lẹ́yìn Ìkejà, ti ilé iṣẹ́ ọṣẹ kan tó ti kógbá wọlé. Àwòrán ọṣẹ ṣì wà lára ògiri rẹ̀, òórùn ọṣẹ sì ṣì wà nínú símẹ́ńtì ilẹ̀. Orí òórùn ọṣẹ yẹn ni àwa tí kò rí omi wẹ̀ ń sùn. Ìyá afọ́jú kan, ará Ọ̀yọ́, ló wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi. Ó fi ọwọ́ kan aṣọ mi.

"Kí lo wọ̀ yìí? Ó le bí aṣọ ṣọ́jà."

"Aṣọ ilé ìwé ni, mà."

"Ilé ìwé! Ẹ gbà mí o. Kí lo wá kọ́ níbí? Ṣé wọ́n ti kàwé tán ní òde ni?"

Àwọn tó wà nítòsí rẹ́rìn-ín. Mo bẹ̀rẹ̀ sí í sunkún.

"Yé sunkún," ìyá náà ní. "Bí o bá sunkún níbí, wọ́n á tún ní o ń tọrọ nǹkan ni."

Lọ́jọ́ kejì, obìnrin wẹ́fíà kan, òṣìṣẹ́ ìjọba tó ń rí sí àwọn aláìní, pè wá lọ́kọ̀ọ̀kan. Ó jókòó sẹ́yìn tábìlì, ó wẹ̀, ó kun àtíkè, ohùn rẹ̀ kò le rárá.

"Ta ló rán ẹ wá ṣagbe?"

"Kò sẹ́ni tó rán mi, mà. Mi ò ṣagbe. Ilé ìwé ni mo ti ń bọ̀."

"Kí ni wọ́n bá lára ẹ?"

"Sàráà ni, mà. Wọ́n jù ú sí mi ni."

"Ó dáa. Ẹni tí kì í ṣagbe, ṣé wọ́n máa ń ju sàráà sí i? Ṣé o ti rí i tí wọ́n ju sàráà sí èmi?"

Ó béèrè ìlú bàbá mi, ó kọ ọ́ sílẹ̀. Ó ní bí ìlú bàbá mi bá jẹ́ Ògbómọ̀ṣọ́, ọkọ̀ akẹ́rù tó ń kó àwọn èèyàn lọ sí ọ̀nà ibẹ̀ ń bọ̀, wọ́n á já mi sílẹ̀ lọ́jà. Mo ní n kò mọ ẹnikẹ́ni lọ́jà Ògbómọ̀ṣọ́, Agége ni wọ́n bí mi sí. Ó ní, "Ilé ni ilé ń jẹ́. Àwọn èèyàn ẹ á dá ẹ mọ̀." Mo wá mọ ohun tó wà níwájú mi. Bí ọkọ̀ yẹn bá gbé mi, kò ní sí ilé ìwé mọ́, kò sì ní sí bàbá tó máa bá mi bá ọ̀gá ilé ìwé sọ̀rọ̀. Ọjà náà ni màá jókòó sí, màá sì ṣagbe níkẹyìn, kí n lè jẹun. Wọ́n á ti sọ mí di ohun tí wọ́n tìtorí rẹ̀ mú mi.

Àwọn tó rí i tí wọ́n gbé mi sọ fún bàbá mi, ó sì wá dé ẹnu géètì. Wọn kò jẹ́ kó wọlé. Wọ́n ní bí ọmọ ilé ìwé bá ni mí, kó lọ mú ọ̀gá ilé ìwé wá. Ó sáré lọ. Ọ̀gá ilé ìwé gbọ́ ọ tán, ó ní, "Orúkọ ilé ìwé mi ò ní wọ irú ibẹ̀ yẹn." Bàbá mi dọ̀bálẹ̀. Ọ̀gá ilé ìwé ní, "Bàbá, ẹ dìde. Ṣé ẹ ò rí i pé Ọlọ́run ló ṣí ọ̀nà yìí? Ẹ jẹ́ kí wọ́n mú un lọ síbi tí irú wọn ń gbé. Ó máa rọ̀ ọ́ lọ́rùn." Bàbá mi kò sọ èyí fún mi nígbà yẹn. Mo ti dàgbà kó tó sọ ọ́.

Ẹni tó wá yọ mí ni dírẹ́bà tó ju àkàrà lù mí yẹn. Mo kọ́kọ́ rò pé ó tún fẹ́ parọ́ mọ́ mi ni. Ó ká fìlà sọ́wọ́, ó wólẹ̀ síwájú ọ̀gá àwọn tásíkì fọ́ọ̀sì ní àgbàlá, níbi tí a tò sí kí wọ́n kà wá.

"Ọ̀gá, irọ́ ni mo pa. Ọmọ yìí ò tọrọ nǹkan kan. Ó ní òun ò gbà á, èmi ni mo jù ú lù ú."

"Kí ló dé tí o wá ń sọ ọ́ lónìí?"

"Ààfáà ló ní kí n wá, sà. Wọ́n ní bí ẹni tí a fún ní sàráà bá sunkún nítorí ẹ̀, sàráà náà ti yí padà nìyẹn. Ìyàwó mi ò lè sùn mọ́, sà. Inú ń dùn ún."

Àwọn ọkùnrin oníkakí bú sẹ́rìn-ín. Ọ̀gá wọn kò rẹ́rìn-ín. Ó béèrè ibi tí ààfáà náà ń gbé. Lẹ́yìn náà ó yíjú sí mi, ó wò mí pẹ́, ó sì ní kí n máa lọ. Bí mo ti ń gún ọ̀pá kọjá lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, ó rẹ ohùn sílẹ̀, ó ní, "Ìwọ, má sunkún nítorí tèmi o."

Lẹ́nu géètì, dírẹ́bà náà ní, "Ọmọ mi, dárí jì mí. Bá mi ṣàdúà fún ìyàwó mi."

Àwọn ẹ̀ṣọ́ wà nítòsí. Mo ní, "Ọlọ́run á sọ̀ wọ́n láyọ̀." Ó ní, "Àmín, àmín," ó yọ̀, ó sáré lọ. Kò bi mí bí mo ṣe fẹ́ délé. N kò mọ bóyá ìyàwó rẹ̀ bí ọmọ náà. Mo mọ̀ pé kì í ṣe nítorí mi ló ṣe wá. Bí ààfáà rẹ̀ bá ti sọ pé ẹkún arọ ń mú sàráà gbà, inú ilé ọṣẹ yẹn ni ì bá fi mí sí.

N kò rí ìyá ará Ọ̀yọ́ náà mọ́. Ọkọ̀ akẹ́rù dé lẹ́yìn tí mo lọ.

Mo padà sí ilé ìwé. Ọ̀gá ilé ìwé pe bàbá mi, ó sọ fún un níwájú mi pé bí wọ́n bá tún mú mi lẹ́ẹ̀kan sí i, òun máa yọ orúkọ mi, kódà bó ṣẹ́ ku ọ̀la kí n jókòó ìdánwò àṣejáde. "Mo ní ọmọ tó pọ̀ níbí. Mi ò lè tìtorí ọ̀kan kí àwọn ṣọ́jà wá máa wọ ọgbà mi." Láti ìgbà yẹn, ìbẹ̀rù méjì ni mo ń gbé kiri. Mò ń bẹ̀rù ọkọ̀ níta, mo sì ń bẹ̀rù ọ́fíìsì nínú ilé ìwé. Bí wọ́n bá rán ọmọ kan wá sí kíláàsì pé ọ̀gá ń pe ẹnì kan, màá ti kó ìwé mi jọ kí ọmọ náà tó dárúkọ. Olùkọ́ ìṣirò wa, ọmọbìnrin kan tó ń sin ilẹ̀ baba rẹ̀, ní kí n yé wo ẹnu ọ̀nà, kí n wo pátákó. Mò ń wo méjèèjì.

Ìyá mi kò ṣí báàgì mi mọ́.

Nínú ìbẹ̀rù méjèèjì, ti ọkọ̀ ló kọ́kọ́ lọ. Kò sẹ́ni tó bá wa bẹ ìjọba, kò sì sí ìròyìn kankan lórí rédíò. Bẹntiróòlù ló wọ́n. Àwọn ọkọ̀ tò sí ilé epo láti àárọ̀ dọ́jọ́ kejì, àwọn tásíkì fọ́ọ̀sì kò sì rí epo tí wọ́n máa fi gbé arọ kiri mọ́. Wọ́n ń jáde lẹ́ẹ̀kọ̀ọ̀kan, nígbà tó yá wọn kò jáde mọ́. Bàbá tó ń lẹ táyà sọ fún bàbá mi pé òun rí ọkọ̀ oníwáyà náà ní Ìkejà, wọ́n ti yọ táyà rẹ̀ tà. Wọ́n ní kí àwọn tó wà nínú ilé ọṣẹ máa lọ síbi tó bá wù wọ́n. N kò gbà á gbọ́. Mi ò jókòó níta fún ìgbà pípẹ́ sí i.

Ọ́fíìsì ló wá kù, ìyẹn ni kò jẹ́ kí n sùn dáadáa. Ọdún tí a máa ṣe ìdánwò dé, wọ́n ti ń kọ orúkọ wa sílẹ̀ fún un, ọ̀gá ilé ìwé sì ní òun ṣì ń ronú lórí tèmi. Ó ń ronú lọ́sẹ̀ yìí, ó ń ronú lọ́sẹ̀ tó tẹ̀ lé e. Bàbá mi lọ bá a, ọ̀gá ní òun máa ránṣẹ́. Mo ti gbà lọ́kàn mi pé agbọ̀n ni màá padà hun.

Ọjọ́ kan, àwọn aláyẹ̀wò wá láti ilé iṣẹ́ ètò ẹ̀kọ́. Ìjọba ṣẹ̀ṣẹ̀ ní kí ilé ìwé gbogbogbòò máa gba àwọn ọmọ abirùn mọ́ra, wọ́n sì ní ilé ìwé tó bá ti ní wọn tẹ́lẹ̀ máa rí ìrànwọ́. Wọ́n rán ọmọ kan wá sí kíláàsì wa. Ó dárúkọ mi. Mo fi ìdí sọ àkàbà, bí mo ti ń sọ̀ ọ́ ni mò ń ronú ohun tí màá sọ fún bàbá mi.

Ọ̀gá ilé ìwé wá pàdé mi ní ìsàlẹ̀ àkàbà. Kò ṣe bẹ́ẹ̀ rí. Ó gbọn eruku kúrò lẹ́yìn síkẹ́ẹ̀tì mi, ó gbé ọwọ́ lé èjìká mi, ó sì kọjú sí àwọn àlejò.

"Òun nìyí. Láti kíláàsì kìn-ín-ní la ti gbà á. Ilé ìwé wa kì í ya ẹnikẹ́ni sọ́tọ̀. Bí ọmọ mi ni mo ṣe mú un."

Obìnrin kan nínú wọn bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ síwájú mi. "Ṣé wọ́n ń tọ́jú ẹ dáadáa?"

Ọwọ́ ọ̀gá ilé ìwé ṣì wà léjìká mi. Mo ní, "Bẹ́ẹ̀ ni, mà."

"Òkè pẹ́tẹ́ẹ̀sì ni kíláàsì ẹ?"

"A ti fẹ́ gbé e wá sísàlẹ̀, mà," ọ̀gá ilé ìwé ní. "Ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀ ni."

"Ó máa ṣe ìdánwò àṣejáde lọ́dún yìí?"

"Àá! Ṣé ó tún kù, mà? Òun ló máa ṣe ipò kìn-ín-ní."

Obìnrin náà kọ nǹkan sílẹ̀. Wọ́n pàtẹ́wọ́ fún ọ̀gá ilé ìwé. Ó ní kí n máa padà lọ sí kíláàsì, ó sì rẹ́rìn-ín sí mi. Mo ní, "Ẹ ṣé, sà," nítorí ó ń dúró de kí n sọ ọ́.

Wọn kò gbé kíláàsì wa wá sísàlẹ̀. Ṣùgbọ́n lọ́sàn-án ọjọ́ yẹn, akọ̀wé ọ́fíìsì gùn wá sókè, ó béèrè ọjọ́ ìbí mi lójú gbogbo kíláàsì, ó ní ọ̀gá ní kí wọ́n fi orúkọ mi sí ti àwọn tó ń ṣe ìdánwò. Mo sọ ọ́ fún un. Kò sẹ́ni tó tún sọ fún bàbá mi pé kó wá mú mi kúrò.